Ìwé Aláwọ̀ Ewé Tó Ní Mo Máa Kú ní Ọjọ́bọ̀

Mo ka ìwé tí kì í ṣe tèmi. Ẹ jẹ́ kí n yára sọ ọ́ kí n tó bẹ̀rẹ̀ sí í wá àwáwí. Àgbàlagbà bíi tèmi, tí irùngbọ̀n rẹ̀ ti ń funfun, tí ọmọ mẹ́ta ń pè ní Dádì, ló jókòó sínú mọ́tò lẹ́yìn àwọn ṣọ́ọ̀bù Heathway, tó wo ọ̀tún, tó wo òsì bí ẹni tó fẹ́ jí adìyẹ gbé, tó wá ṣí ìwé ẹni ẹlẹ́ni.

Ká ní mo tilẹ̀ kà á láti iwájú dé ẹ̀yìn ni, ì bá sàn. Ojú ewé kan péré ni mo kà. Ojú ewé kan yẹn ló sì sọ fún mi pé mo máa kú ní Ọjọ́bọ̀. Ọjọ́ Ajé la wà.

Mọ́tò ni mò ń wà jẹun. Iléeṣẹ́ kékeré kan ní Dagenham ni mò ń bá ṣiṣẹ́. Wọ́n á pè mí lórí fóònù pé kí n lọ gbé lágbájá níbi báyìí, mo máa lọ gbé e. Mo ti gbé aláìsàn lọ sí ọsibítù, mo ti gbé ìyàwó tó ń sunkún lọ síbi ìgbéyàwó, mo ti gbé ọ̀gbẹ́ni kan àti ẹja inú ìgò rẹ̀ láti Barking dé Romford, tó ní kí n má tẹ bíréèkì kí ẹja náà má bàa dààmú. Àmọ́ nígbà tí wọ́n kọ́ ọgbà ńlá tí wọ́n ti ń ya fíìmù sí Dagenham, iṣẹ́ wa gòkè àgbà. Ọ̀gá wa pè mí, ó ní òṣèré kan ń bọ̀ láti Ítálì fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Kí n máa gbé e láàárọ̀ láti hòtẹ́ẹ̀lì rẹ̀ ní Barking lọ sínú ọgbà náà, kí n sì máa gbé e padà nírọ̀lẹ́. Ó kìlọ̀ fún mi: "Má yà á ní fọ́tò. Má fọwọ́ kan ẹrù rẹ̀. Ẹni tó bá fọwọ́ kan ẹrù èrò, iṣẹ́ ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn." Mo ní mo gbọ́. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ rántí pé mo ní mo gbọ́.

Mo rò pé ẹni tó wọ dígí dúdú, tó kó ẹ̀ṣọ́ méjì dání, ni mo fẹ́ gbé. Bàbá arúgbó kan ni mo bá níwájú hòtẹ́ẹ̀lì, nínú kóòtù tó tóbi jù ú lọ, ó ń jẹ búrẹ́dì látinú bébà. Orí rẹ̀ pá láàárín, etí rẹ̀ gbòòrò, ojú rẹ̀ sì jẹ́ irú ojú tó máa ń ṣe èèyàn bíi pé òun ti rí i níbì kan rí, pé ó sì dà bíi pé ó jẹ òun ní gbèsè. Mo tẹrí ba díẹ̀, mo kí i, mo pè é ní Bàbá. Ó bi mí pé kí nìyẹn. Mo ní bí a ṣe ń pe àgbà nílé wa nìyẹn. Inú rẹ̀ dùn, ó jókòó síwájú lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, láti ọjọ́ náà lòun náà sì ti ń pè mí ní Bàbá, bẹ́ẹ̀ ó fi ọdún méjìlá jù mí lọ. Bàbá méjì nínú mọ́tò kan.

Gẹ̀ẹ́sì tó ń sọ fẹ́ jọ tèmi. Kò dán, àmọ́ kì í dúró. N ó kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ ní Yorùbá níhìn-ín, torí bẹ́ẹ̀ ló ṣe wọ̀ mí létí.

"Ó ti lé ní ogójì ọdún tí mo ti ń kú," ló sọ fún mi láàárọ̀ ọjọ́ kìíní, bí ẹni ń sọ pé òun ń ta ẹja.

Ó ní bàbá òun ń gẹ irun ní ìlú kékeré kan létí òkun. Àwọn oní-fíìmù wá síbẹ̀, wọ́n ń wá ẹni tó máa dùbúlẹ̀ bí òkú sínú ọkọ̀ ojú omi. Ẹni tí wọ́n kọ́kọ́ mú sá lọ nítorí òtútù, ni wọ́n bá fa òun, ọmọ onígbàjámọ̀, sínú ọkọ̀. Òun dùbúlẹ̀, eṣinṣin bà lé òun nímú, òun ò mira. Olùdarí kígbe pé, "Ọmọ yìí mọ̀ ọ́n kú!" Ó ní ọ̀rọ̀ yẹn ló ba ayé òun jẹ́. Láti ìgbà náà ni wọ́n ti ń pè é wá kú. Wọ́n yìnbọn pa á. Wọ́n gún un lọ́bẹ. Wọ́n fún un ní ọbẹ̀ olóró. Ó jábọ́ láti orí òrùlé ṣọ́ọ̀ṣì. Kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ kan ta á nípàá pa, ìwé ìròyìn sì yin kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ náà jù ú lọ.

"Kò dùn yín?" ni mo bi í.

"Ohun tó ń dùn mí ni oúnjẹ ọ̀sán," ló wí. "Tí wọ́n bá pa ẹ́ láago mọ́kànlá, wọ́n á ní kó o máa lọ sílé. Àwọn tó pa ẹ́ á jókòó, wọ́n á máa jẹ ẹran."

Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ló pẹ́ láyé, nígbà tó ṣe dókítà nínú eré orí tẹlifíṣọ̀n. Gbogbo ìlú mọ̀ ọ́n. Obìnrin kan ká aṣọ sókè níwájú rẹ̀ lọ́jà, ó ní kó bá òun wo orúnkún. Bàbá ní kó máa fi omi gbígbóná sí i. Orúnkún san, obìnrin náà sì gbé wàràkàṣì wá fún un nílé. Lẹ́yìn ọdún mélòó kan, àwọn tó ń kọ eré náà pa dókítà, fóònù rẹ̀ náà sì kú. Kò sẹ́ni tó pè é mọ́. Ìgbà náà ló jókòó tó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ìwé. Ó kọ ìwé ìtàn kékeré kan, ìyàwó rẹ̀ ra méje nínú rẹ̀, ó sì tún lọ yá ọ̀kan ní láíbìrì kí wọ́n lè rí i pé ẹnì kan yá a.

Ní báyìí, ó wá sí Dagenham láti ṣe olè arúgbó nínú fíìmù ẹlòmíì. Wọ́n á pa á ní ọ̀sẹ̀ kẹta. Àmọ́ ó tẹnu mọ́ ọn fún mi pé òun ń kọ fíìmù tòun sínú kọ̀ǹpútà ní hòtẹ́ẹ̀lì, ìtàn onígbàjámọ̀ arúgbó kan tó wá wá àbúrò rẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù. Òun fúnra òun ló máa ṣe onígbàjámọ̀.

"Nínú èyí, Bàbá," ló wí, ó ń fi ìka lu àyà, "n ò ní kú. Mo máa wà láàyè títí tí wọ́n á fi kọ orúkọ gbogbo èèyàn tán ní ìparí. Mo sì máa jẹ oúnjẹ ọ̀sán lójoojúmọ́."

Ẹ wò ó, inú kọ̀ǹpútà ló ní òun ń kọ ọ́ sí. Kò sọ nǹkan kan nípa ìwé aláwọ̀ ewé kan tó máa ń yọ nínú àpò kóòtù. Láràárọ̀, nígbà tá a bá dé ibi tí ọ̀nà ti pín, ó máa fọwọ́ ṣe àmì àgbélébùú, á di ojú pa, ètè rẹ̀ á máa mì, orí rẹ̀ á máa jù. Lójijì á lajú, á ṣí ìwé náà, á fi pẹ́ńsù kọ nǹkan wéréwéré, á sì fọwọ́ bò ó bí ọmọ iléèwé tí kò fẹ́ kí wọ́n wò ó kọ.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ò dàgbà nínú ìjọ aláṣọ funfun lè máa rẹ́rìn-ín. Nínú ìjọ tèmi, bí ẹ̀mí ṣe máa ń gbé èèyàn gan-an nìyẹn. Ẹni tó ń ríran á di ojú, orí á máa jù, ètè á máa mì. Ẹnì kan á jókòó tì í pẹ̀lú ìwé àti pẹ́ńsù, á máa kọ ọ́: ọjọ́, ibi tó ti ṣẹlẹ̀, ẹni tí wọ́n rí, ohun tó ṣe é. Gbólóhùn kúkúrú kúkúrú. Mo ti rí ìwé ìran láti kékeré. Mo mọ̀ ọ́n bí mo ṣe mọ ìwé ẹ̀rí ìwakọ̀ mi.

Ní ọjọ́ Ajé yẹn, lẹ́yìn tí mo já a sílẹ̀, ni mo rí ìwé aláwọ̀ ewé náà láàárín àga àti ilẹ̀kùn. Mo gbé e. Mo wa mọ́tò dé ẹ̀yìn Heathway. Mo ṣí i. Lẹ́tà gàdàgbà gàdàgbà, Gẹ̀ẹ́sì, pẹ́ńsù. Ohun tó wà níbẹ̀ rèé:

Ọjọ́bọ̀. Àárọ̀.
Ibi tí odò kékeré ti wọ odò ńlá.
Awakọ̀. Ọmọ Áfíríkà. Ikùn rẹ̀ yọ. Ó ń kọrin nínú imú.
Ó dá mọ́tò dúró. Ó sọ̀ kalẹ̀.
Kò padà wá mọ́. Ilẹ̀kùn mọ́tò ṣí sílẹ̀.

Mo pa ìwé náà dé. Mo tún ṣí i. Ó ṣì wà níbẹ̀. Mo wo ikùn mi. Mo wá kíyè sí i pé mò ń kọrin nínú imú.

Mo dá ìwé padà fún un nírọ̀lẹ́, mo ní, "Bàbá, ẹ gbàgbé nǹkan yín," bí ẹni tí kò kà á rí láyé rẹ̀. Mo sì tan mọ́tò kíákíá.

Castle Green là ń gbé, nítòsí ọ̀nà ńlá A13 tí kì í sùn. Ìyàwó mi ń tọ́jú àwọn arúgbó níléeṣẹ́ ìtọ́jú kan. Kò sí ohun tó lè dẹ́rù bà á mọ́ láyé. Ó ń bó iṣu nígbà tí mo wọlé, mo sì ka gbogbo rẹ̀ fún un lórí, torí mo ti há a sórí.

"Bóyá ẹlòmíì ló ń wí," ló sọ. "Ṣé ẹ̀yin nìkan ni ọmọ Áfíríkà tó ń wa mọ́tò ní Dagenham?"

"Tó ń kọrin nínú imú?"

Ó dá ọ̀bẹ dúró. Ó ronú díẹ̀. "Ìyẹn ẹ̀yin ni."

"Ṣé o rí i!"

"Ẹ bi bàbá náà léèrè."

"Kí n ní mo ka ìwé rẹ̀? Wọ́n á lé mi lẹ́nu iṣẹ́."

"Ẹ yàn nígbà náà, Dádì. Kí wọ́n lé yín lẹ́nu iṣẹ́, tàbí kí ẹ kú."

"N ò tíì pinnu," ni mo dáhùn, òótọ́ sì ni. Ó rẹ́rìn-ín títí iṣu fi bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun, mo gba ìjọ wa lọ. Òkè ilé ìkẹ́rùsí kan ní Creekmouth la ti ń jọ́sìn, ibi tí wọ́n ń ta táyà ló wà nísàlẹ̀, nítorí náà àdúrà wa máa ń rùn bíi rọ́bà díẹ̀. Ìyá Akọ̀wé ni mo lọ bá, ìyá àgbà tó ń kọ ìran sílẹ̀ nínú ìjọ láti ìgbà tí irun orí mi ṣì pé. Ó jókòó pẹ̀lú ìwé rẹ̀, ó ń gbẹ́ pẹ́ńsù. Mo dọ̀bálẹ̀, mo sọ ìran náà fún un. N ò sọ bí mo ṣe rí i.

"Ta ló ríran?" ló bi mí.

"Bàbá kan ni, ma."

"Ìjọ wo?"

"Ìjọ Àgùdà, ma."

Ó wò mí lórí dígí ojú rẹ̀. "Àwọn Àgùdà náà ti ń ríran?"

"Ó jọ bẹ́ẹ̀, ma."

"Ṣé ó gbààwẹ̀?"

Mo rántí búrẹ́dì inú bébà. "Kò jọ ọ́, ma."

"Hmm. Kí ló fi kọ ọ́, bíírò tàbí pẹ́ńsù?"

"Pẹ́ńsù, ma."

Ojú rẹ̀ rọ̀. "Ó mọṣẹ́. Èmi náà, bíírò ò kàn mí. Àdúrà máa ń yí nǹkan padà, n ò sì fẹ́ràn ìwé tó kún fún ìlà. Gbọ́, ọmọ mi. Gbààwẹ̀ dé aago mẹ́ta, títí di Ọjọ́bọ̀. Wọ́n omi àdúrà sínú mọ́tò. Lọ́jọ́ náà gan-an, wọ sùtánà rẹ, má wọ bàtà. Ìran náà ní o sọ̀ kalẹ̀, àbí?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, ma."

"Má sọ̀ kalẹ̀."

Ẹ ò rí i bí ọgbọ́n ṣe rọrùn? Ẹni tí kò bá sọ̀ kalẹ̀, báwo ni kò ṣe ní padà? Mo kúrò níbẹ̀ bí ẹni tí wọ́n yọ ẹ̀gún lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Mo sì ronú pé, odò kékeré, odò ńlá, ta ló tiẹ̀ fẹ́ gbé mi dé ibẹ̀ láàárọ̀ Ọjọ́bọ̀?

Ní Ọjọ́rú, mo wọ́n omi. Mo wọ́n ọn sórí ọwọ́ ìtọ́kọ̀, sórí àga tèmi, sórí àga tiẹ̀. Bóyá mo lawọ́ jù. Bàbá wọlé, ó jókòó, ó dìde títí orí rẹ̀ fi kan òkè mọ́tò.

"Bàbá," ló wí, "inú mọ́tò ẹ nìkan ni òjò ti rọ̀."

Mo ní fèrèsé ló ṣí sílẹ̀. Ó wo fèrèsé. Ó wo ìdí ṣòkòtò rẹ̀. Ó tún jókòó, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ó ní, "Lọ́la wọn ò ní lò mí nínú ọgbà. Mo ti sọ fún ọ̀gá ẹ. Mo fẹ́ kó o gbé mi lọ síbi tí odò kékeré ti wọ odò ńlá. Mo gbọ́ pé kò jìnnà."

Mo tẹ bíréèkì. Kò sí nǹkan kan níwájú mi. Awakọ̀ tó wà lẹ́yìn mi pè mí ní orúkọ tí wọn kì í sọ ní ṣọ́ọ̀ṣì.

Lọ́sàn-án, mo pe ọ̀gá, mo wúkọ́ sínú fóònù, mo ní ara mi ò yá, kó rán ẹlòmíì. Ó ní bàbá náà ti sọ pé èmi nìkan lòun fẹ́. Ó ní bàbá náà fẹ́ràn orin mi. Mo búra pé mi ò ní kọrin mọ́ láyé. Ìyàwó mi ní ìyẹn náà dáa, ó ti pẹ́ tóun ti ń gbàdúrà fún un.

Ó wá di Ọjọ́bọ̀.

Mo wọ sùtánà funfun mi, mo di àmùrè, mo bọ́ bàtà sílẹ̀. Ìyàwó mi dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó fẹ́ rẹ́rìn-ín, kò rín in. Ó bá mi tún ọrùn sùtánà ṣe. "Ẹ má sọ̀ kalẹ̀ o," ló wí, ohùn rẹ̀ sì kéré ju bó ṣe máa ń rí lọ. Ìgbà yẹn ni ẹ̀rù wá bà mí gan-an. Bí ẹni tí kì í bẹ̀rù bá ń sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́, kí lẹ tún ń dúró dè?

Níwájú hòtẹ́ẹ̀lì, Bàbá ara Ítálì wo sùtánà, ó wo ẹsẹ̀ mi, ó pàtẹ́wọ́.

"Mo ti ṣe àlùfáà lẹ́ẹ̀méje," ló wí, "kò sí èyí tí wọ́n fún ní mọ́tò!"

"Ọjọ́ àdúrà wa ni," ni mo dáhùn.

"Òtútù ò mú ẹ?"

"Ẹ̀mí ló ń gbé wa ró." Irọ́ ni. Ẹsẹ̀ mi lórí ibi ìtẹ̀ mọ́tò dà bí ẹja inú yìnyín.

Mo wa mọ́tò bí ẹni tó gbé ẹyin sórí. Bọ́ọ̀sì yà wá sílẹ̀. Ọ̀gbẹ́ni kan lórí kẹ̀kẹ́ yà wá sílẹ̀, ó sì bojú wẹ̀yìn wò wá pẹ̀lú àánú. Bàbá ṣe àmì àgbélébùú lẹ́ẹ̀mẹ́ta. Mò ń ka sáàmù lábẹ́ ahọ́n. A gba àárín àwọn lọ́rì kọjá ní Creekmouth, mo rí òkè ilé ìjọ wa, mo fẹ́ yà síbẹ̀ kí n ti ilẹ̀kùn mọ́rí. A dé ibi tí ọ̀nà parí sí, odò kékeré lápá ọ̀tún, Thames níwájú, ẹrẹ̀ ń dán ní etí omi.

Mo dá mọ́tò dúró. Gbólóhùn kan ti ṣẹ.

"Wá, Bàbá, jẹ́ ká jọ wò ó," ló wí.

"Ẹ máa wò ó. Mò ń rí i láti ibí."

"Ògiri wà níwájú ẹ. Kí lo ń rí?"

"Mò ń rí ògiri. Ó dáa púpọ̀."

Ó rìn lọ. Mo ti ilẹ̀kùn pa, mo sì ṣí fèrèsé bí ìbú ìka. Mo rí i tó ń lọ tó ń bọ̀ létí omi, tó ń fi ẹsẹ̀ wọn ilẹ̀. Ó dúró. Ó di ojú. Orí rẹ̀ ń jù. Lójijì ó fọwọ́ gbá àyà mú, ó yí po lẹ́ẹ̀kan, orúnkún rẹ̀ yẹ̀, ó ṣubú lulẹ̀ gbì. Kò mira.

Mo ké sí i láti inú ihò fèrèsé: "Bàbá!"

Kò dáhùn.

Ẹ gbọ́, n ò ní purọ́ fún yín. N ò sáré sọ̀ kalẹ̀. Mo di ọwọ́ ìtọ́kọ̀ mú. Mo ní, "Jésù, rán ẹlòmíì." Mo wo ẹ̀yìn bóyá ẹlòmíì ń bọ̀. Lọ́rì kan kọjá, kò dúró. Odò kékeré wà níbẹ̀, odò ńlá wà níbẹ̀, Ọjọ́bọ̀ ni, àárọ̀ ni, mọ́tò ti dúró. Ohun kan ṣoṣo tó kù kí ìran náà lè pé ni ẹsẹ̀ mi. Mo wo ẹsẹ̀ náà. Mo rántí ìyàwó mi lẹ́nu ọ̀nà. Mo tún wo arúgbó yẹn nílẹ̀ nínú kóòtù tó tóbi jù ú lọ, tí kò rí ẹni kankan nítòsí rẹ̀ àfi èmi, mo sì gbọ́ tí ẹnu mi ń sọ pé, "Ṣé bó ṣe fẹ́ rí nìyí?"

Mo ṣí ilẹ̀kùn. Mo sọ̀ kalẹ̀.

Òkúta ibẹ̀ mú bí abẹ. Mo ká sùtánà dé orúnkún, mò ń sáré, mò ń fò sókè, mò ń ké "Halelúyà! Halelúyà! N ò ní kú! Bàbá náà ò ní kú!" Àmùrè mi tú, ó ń fẹ́ lẹ́yìn mi. Nígbà tó kù bí ìgbésẹ̀ mẹ́ta kí n dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, òkú la ojú kan. Ó rí ọkùnrin gbẹ̀ǹgbẹ̀ kan nínú funfun tó ń fò bọ̀ láti òkè. Ó la ojú kejì. Ó figbe ta ní èdè ìyá rẹ̀. Èmi náà figbe ta ní tèmi. Àwọn ẹyẹ etí omi gbéra lẹ́ẹ̀kan náà.

"Mo rò pé wọ́n ti wá mú mi!" ló wí nígbà tó lè sọ̀rọ̀. "Mo ní, ó tán, áńgẹ́lì ti dé. Mo kàn ń wò ó pé kí ló dé tí áńgẹ́lì fi nírú ikùn báyìí."

"Ẹ ò kú?"

"Mò ń dán an wò ni! Mo fẹ́ mọ bó ṣe máa rí téèyàn bá ṣubú síbí."

Mo jókòó sílẹ̀. Gbogbo rẹ̀ tú jáde lẹ́nu mi bí omi inú táńkì tó bẹ́: ìwé aláwọ̀ ewé, ẹ̀yìn Heathway, Ìyá Akọ̀wé, omi orí àga. Ó gbọ́ ọ dé ìdí.

"O ka ìwé mi?"

"Mo kà á, Bàbá. Ẹ forí jì mí. Ojú ewé kan ni."

"Ó dùn?"

"Kò dùn! Mo kú níbẹ̀!"

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín. Ó rín in títí ó fi mú apá mi dání kó má bàa yí lulẹ̀. Ó ní fíìmù òun ni. Inú ìwé náà lòun ti máa ń dánra wò kóun tó tẹ̀ ẹ́ sínú kọ̀ǹpútà. Ètè tó ń mì, ọ̀rọ̀ àwọn èèyàn inú ìtàn lòun ń sọ.

"Àmì àgbélébùú tẹ́ ẹ máa ń ṣe láràárọ̀ ńkọ́?"

"Bàbá, bó o ṣe ń wakọ̀ ni."

Èmi náà wá rẹ́rìn-ín. Kí ni kí n ṣe? Àmọ́ nígbà tí ẹ̀rín lọ tán, ojú rẹ̀ yí padà. Ó ní òótọ́ ni pé èmi ni awakọ̀ náà. Òun yá ikùn mi lò, òun yá orin mi lò. Àwọn tó fẹ́ fowó ṣe fíìmù náà ló kọ̀wé sóun pé ẹnì kan gbọ́dọ̀ kú ní ìdajì rẹ̀, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ oorun á gbé àwọn òǹwòran lọ. Ìdí tóun fi ní kí n gbé òun wá lónìí ni kóun lè bi mí bóyá mo gbà kí awakọ̀ náà kú.

"N ò gbà," ni mo wí.

"Fíìmù ni, Bàbá. Kì í dunni."

"N ò gbà. Ìyàwó mi bá mi tún ọrùn aṣọ ṣe láàárọ̀ yìí bí ẹni ń sin mí. Ní ìjọ tèmi, wọn kì í fi ohun tí wọ́n bá kọ nípa èèyàn ṣeré. A máa ń gbàdúrà lé e títí tí wọ́n á fi pa á rẹ́. Ìdí tí Ìyá Akọ̀wé fi ń lo pẹ́ńsù nìyẹn."

Ó ń wo ẹsẹ̀ mi. Ẹ̀jẹ̀ ń jáde ní gìgísẹ̀ kan, n ò tiẹ̀ mọ̀. Ó yọ hańkáṣíìfù jáde, ó kúnlẹ̀ sórí òkúta, bàbá tó fi ọdún méjìlá jù mí lọ, ó fi di ẹsẹ̀ náà. Mo ní kó má ṣe bẹ́ẹ̀, ó ní kí n dákẹ́, òun ti ṣe dókítà rí. Lẹ́yìn náà ló mú ìwé aláwọ̀ ewé jáde, ó dojú pẹ́ńsù délẹ̀, ó fi rọ́bà ìdí rẹ̀ pa ìlà tó gbẹ̀yìn rẹ́. Ó pa á rẹ́ títí bébà fi fẹ́ ya.

"Àmọ́ ẹnì kan gbọ́dọ̀ kú," ló wí.

"Ẹ jẹ́ kí ajá kan kú."

"Ajá? Àwọn òǹwòran ò ní dárí jì mí láé."

Ó jókòó tì mí. A jọ ń wo omi. Ó wá yí pẹ́ńsù padà, ó kọ nǹkan kúkúrú kan, kò fọwọ́ bò ó lọ́tẹ̀ yìí. Mo wò ó. Onígbàjámọ̀ ló kọ pé kò ní padà wá mọ́, kì í ṣe awakọ̀.

"Ẹ ò gbọdọ̀," ni mo wí. "Ẹ sọ fún mi pé nínú èyí ẹ ò ní kú. Ẹ ní ẹ máa dé ìparí."

Ó pa ìwé náà dé, ó tì í sínú àpò kóòtù.

"Bàbá," ló wí, "o rò pé o máa kú tó o bá sọ̀ kalẹ̀, o sì sọ̀ kalẹ̀, láìwọ bàtà. Irú awakọ̀ bẹ́ẹ̀, n ò lè pa á ní ìdajì fíìmù. Jẹ́ kí èmi kú, ó ti mọ́ mi lára. Ìwọ ṣáà ti rí i pé wọ́n gbé oúnjẹ ọ̀sán mi pamọ́."